Orúkọ Tí Rhoda Pè

Ẹni tó bá sọ pé òmìnira ò dé Òkè-Ẹ̀lúlùú, irọ́ ló pa. Ó dé. Ó kàn pẹ́ lọ́nà ni. Ọdún kẹrin tí wọ́n ti fi àsíá tuntun rọ́pò ti Òyìnbó ló tó bọ́ sílẹ̀ nínú lọ́rì, tó mú àpótí ìbò lọ́wọ́ kan, tó mú àdá lọ́wọ́ kejì, tó ní kí ìlú mú èyí tó bá wù ú. Kí oṣù yẹn tó parí, àwọn obìnrin tí wọ́n jọ ń pọnmi lódò kan náà ti ń fi akèrègbè fọ́ ara wọn lórí. Àna ò kí àna mọ́. Àwọn tó ń jẹ ẹ̀fọ́ lánàá wá ń pariwo pé ìjọba àwọn ń bọ̀.

Ẹgbẹ́ méjì ló ń du ìlú náà. Ọ̀kan gbé àmì àtùpà, èkejì gbé àmì kọ́kọ́rọ́. Àwọn Alátùpà ní kí a yọ ilẹ̀ Ìgbómìnà kúrò lábẹ́ àwọn tó ń jókòó sí Kàdúná pàṣẹ fún wa. Àwọn Oníkọ́kọ́rọ́ ní ẹni tó bá bá onílẹ̀kùn jà, ìta ni yóò sùn. Èmi tí mò ń sọ ìtàn yìí ò rí èyí tó sọ òótọ́ tán nínú wọn.

Barnabas, àgbẹ̀ oníṣu àti alàgbà nínú ìjọ, ni alága Alátùpà. Àfísù àbúrò rẹ̀, tó ń ra aṣọ ní Ìlọrin wá tà, tó sì ti ibẹ̀ di Mùsùlùmí, ni akọ̀wé Oníkọ́kọ́rọ́. Ìyá kan ló bí àwọn méjèèjì, inú agbo ilé kan ni wọ́n ń gbé, àwo kan ni wọ́n ń jẹun nínú rẹ̀. Wọ́n á jiyàn lórí ìbò títí ọbẹ̀ á fi tutù. Àfísù á wá na ọwọ́ mú ẹran tó tóbi jù, á ní ti ìjọba nìyẹn. Barnabas á ní, "Olè ni yín láti ilẹ̀." Wọ́n á rẹ́rìn-ín, wọ́n á lá ọwọ́, ó tán.

Rhoda ni ìyàwó Barnabas, ọmọ Ìsánlú-Ìsin. Nílẹ̀ wa, ẹni tí ìyàwó bá bá nílé ọkọ, ọkọ ló jẹ́ fún un, ìbáà jẹ́ ọmọ tí ń rá. Kò gbọ́dọ̀ pè é ní orúkọ tí bàbá rẹ̀ sọ ọ́. Yóò wá orúkọ tirẹ̀ fún un, ẹnu rẹ̀ á sì mọ́ ọn lára. Ìrọ̀lẹ́ tí wọ́n mú Rhoda wọlé, òjò ń kùn, afẹ́fẹ́ ń wá ìjà, Àfísù tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń hu irùngbọ̀n ló gbé àtùpà síwájú ìyàwó. Ó fi àyà bò ó kí iná má kú títí wọ́n fi dé ẹnu ọ̀nà. Láti ọjọ́ náà ló ti di "Alátùpà mi." Kò sí ẹgbẹ́ kankan tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀ nígbà yẹn. Nígbà tí ẹgbẹ́ wá dé, àwọn èèyàn fi Àfísù ṣẹ̀fẹ̀ títí, pé Oníkọ́kọ́rọ́ lọ́jà, Alátùpà nílé. Ó dá wọn lóhùn pé, "Ẹ fi ìyàwó mi lọ́rùn sílẹ̀. Ẹgbẹ́ tirẹ̀ ti wà kí tiyín tó dé."

Ẹ̀rín yẹn ò pẹ́ níbẹ̀. Ní ọjọ́ ọjà, àwọn ọ̀dọ́ Alátùpà tí Ambrose ṣáájú wọn dáná sun àgọ́ Oníkọ́kọ́rọ́. Ambrose yìí, bíríkìlà ni, ọwọ́ rẹ̀ le bí ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀. Wọ́n lu àgbàlagbà kan tó ń ṣọ́ àgọ́ náà títí ojú rẹ̀ kan fi jáde. Barnabas ò rán wọn. Ṣùgbọ́n nígbà tí wọ́n wá ròyìn fún un, kò bá wọn wí, ó kàn ní kí wọ́n jókòó jẹun. Àṣìṣe ńlá ni. Ọmọ tí a kò bá wí lónìí, a ó bá a gbé ẹrù rẹ̀ lọ́la.

Àwọn Oníkọ́kọ́rọ́ pe ìpàdé sílé Alhaji Sàlíhù, olórí wọn, lójú ọ̀nà Bàbáńlá. Àfísù lọ, ó jókòó lórí ẹní láàárín àwọn yòókù. Sàlíhù ò fi ọ̀rọ̀ falẹ̀.

"Mo ti ránṣẹ́ pe Bọ́má," ó ní.

Kò sí ẹni tó rí Bọ́má rí níbẹ̀, ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí kò gbọ́ orúkọ rẹ̀. Ọkùnrin tó bá Òyìnbó jagun dé ilẹ̀ Bọ́má, tó pa èèyàn níbẹ̀, tó wá padà wálé tí kò rí iṣẹ́ mìíràn kọ́. Òun àti àwọn jàǹdùkú rẹ̀ máa ń ti ìlú dé ìlú, ẹni tó bá gbà wọ́n ni wọ́n ń jà fún.

"Ilé Barnabas ni wọ́n máa kọ́kọ́ jó," Sàlíhù sọ. "Bí wọ́n bá rí òun fúnra rẹ̀, wọ́n mọ ohun tí wọ́n máa ṣe. Àfísù, lọ yọ ẹrù rẹ kúrò nínú yàrá tìrẹ."

"Baba, òrùlé kan ni," Àfísù wí. "Iná ò mọ ààlà yàrá. Ìyá mi ń bẹ nínú ilé yẹn."

"Ojú tó jáde lọ́jà ọjọ́sí, ṣé kò ní ìyá ni?"

Àfísù wo ilẹ̀. "Ẹ fún mi láàyè, Baba. Ẹ jẹ́ kí n bá ẹ̀gbọ́n mi sọ̀rọ̀, kó wá tọrọ àforíjì."

"Lọ́rì á gbéra lẹ́yìn ìrun alásárì lónìí. Bí o bá jẹ́ ọmọ ẹgbẹ́, jókòó. Bí o bá jẹ́ àbúrò Barnabas, ìwọ lo mọ̀."

Àfísù jókòó díẹ̀, kí ó má bàa dà bí ẹni tó sá. Nígbà tí wọ́n dìde láti ṣe àlùwàlá, ó fa kẹ̀kẹ́ rẹ̀ gba ẹ̀yìnkùlé, ó gba ọ̀nà oko, ó ń wa kẹ̀kẹ́ bí ẹni tí oyin ń lé. Ẹ̀gún fa ẹsẹ̀ rẹ̀ ya. Inú rẹ̀ bàjẹ́ sí ẹgbẹ́ rẹ̀, inú rẹ̀ bàjẹ́ sí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ pẹ̀lú.

Nígbà tó délé tó sọ ọ̀rọ̀ náà, Barnabas wọlé, ó gbé ìbọn ṣakabùlà rẹ̀ jáde, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ki ẹ̀tù sí i. Ó rán Rhoda pé kó pe Ambrose wá. Kò pẹ́, ọ̀dẹ̀dẹ̀ ti di ilé ìgbìmọ̀ ogun.

Ambrose ní, "Kí a gé igi dínà lẹ́bàá odò. Bí lọ́rì bá dúró, a yìnbọn fún awakọ̀. Àwọn yòókù á dà bí adìẹ tí kò ní ìyá."

"Lọ́la ńkọ́?" Àfísù bi í. "Àwọn olópàá á kó wá pẹ̀lú ìbọn tí kì í ṣe ṣakabùlà. Wọ́n á jó gbogbo ìlú. Ẹ gbọ́ tèmi. Ẹ jẹ́ kí èmi nìkan jókòó sẹ́nu ọ̀nà." Ó na ọwọ́ sí fìlà funfun rẹ̀ tí wọ́n fi òwú pupa ya kọ́kọ́rọ́ sí níwájú. "Àlejò ni wọ́n. Fìlà ni wọ́n mọ̀, wọn ò mọ ojú. Bí mo bá sọ fún wọn pé Barnabas ti sá, pé èmi tí mo jẹ́ akọ̀wé wọn ni mo ni ilé, wọn ò lè jó o."

"Kí èmi wá lọ fara pa mọ́ sí ẹ̀yìn fìlà?" Barnabas kígbe. "Èmi Àdìgún, ọmọ ògbó mọ̀nà, ọmọ a-rógun-yọ̀! Kí aráyé gbọ́ pé àbúrò mi ló dúró de ogun mi!"

"Ogun tí ìwọ àti àwọn ọmọ ẹgbẹ́ rẹ fà lọ́jà ni," Àfísù dá a lóhùn, ohùn òun náà ti ń ga. "Bí o bá ti bá Ambrose wí ni, gbogbo wa ì bá máa gún iyán báyìí!"

Ambrose dìde. Barnabas náà dìde. Ọ̀rọ̀ fẹ́ di ìjà àbúrò àti ẹ̀gbọ́n, lọ́rì ò sì tíì dé. Nígbà náà ni ìyá wọn, tí gbogbo ilé ń pè ní Yèyé, jáde láti yàrá rẹ̀. Ó ti darúgbó, ó ti tẹ̀, ṣùgbọ́n nígbà tó dé àárín wọn, ó tú ìró rẹ̀ láyà, ó fi ọwọ́ gbé ọmú rẹ̀ tó ti gbẹ sókè. Ambrose yí ojú sí ògiri.

"Àdìgún, o mu èyí. Àlàó, o mu èyí," ó fi oríkì wọn pè wọ́n. "Mi ò bèèrè ẹgbẹ́ tí ẹ ń ṣe nígbà tí ẹ ń mu ún. Àdìgún, mú ìbọn rẹ àti àwọn ọmọkùnrin wọ̀nyí, ẹ gun orí àpáta lọ. Bí o bá yìnbọn kí o tó rí èéfín nílé yìí, ọmú tí o mu á bèèrè lọ́wọ́ rẹ. Búra."

Barnabas mí bí akọ màlúù. Lẹ́yìn náà ó kúnlẹ̀, ó fi ahọ́n kan ilẹ̀, ó búra. Ó kọjá lára àbúrò rẹ̀ láìwo ojú rẹ̀, òun àti àwọn ọ̀dọ́ gun àpáta tó wà lẹ́yìn ìlú. Rhoda ní tirẹ̀ kó àwọn ọmọ lọ sí ahéré. Yèyé ló kọ̀ jálẹ̀ pé òun ò ní kúrò. Ó ní ọmọ òun kan wà lórí àpáta, ọ̀kan wà lẹ́nu ọ̀nà, kí wọ́n fi òun sílẹ̀ sáàárín àwọn méjèèjì.

Oòrùn ṣì wà lókè nígbà tí lọ́rì náà wọ ìlú. Àwọn jàǹdùkú ń kọrin nínú rẹ̀, wọ́n ń fi àdá gbá ara pákó. Ilé gbogbo ti ilẹ̀kùn. Ajá kan tó gbójú jáde, wọ́n gé e sí méjì láìdá orin dúró. Wọ́n já sílẹ̀ níwájú ilé Barnabas, àwọn kan gbé korobá pẹtiróòlù. Bọ́má sọ̀ kalẹ̀ kẹ́yìn. Ó ga, ó gbẹ, ó wọ kóòtù sójà tó ti ṣá.

Àfísù jókòó lórí àpótí lẹ́nu ọ̀nà, tẹ̀sùbáà lọ́wọ́, fìlà lórí. Kò dìde.

"Ẹ káàbọ̀, ẹ̀yin ọkùnrin," ó ní. "Ẹ pẹ́. Ẹyẹ ti fò."

"Ìwọ ta ni?"

"Akọ̀wé ẹgbẹ́ wa nílùú yìí. Àfísù ni mò ń jẹ́. Barnabas ti sá lọ láti ọ̀sán. Èmi ni mo wà nínú ilé báyìí. Tàbí ilé akọ̀wé ni Alhaji ní kí ẹ jó?"

Bọ́má wo fìlà náà, ó wo tẹ̀sùbáà. Àwọn tó gbé pẹtiróòlù dúró, wọ́n ń wo ẹnu rẹ̀. Ó súnmọ́, ó fi orí àdá gbé fìlà náà kúrò lórí Àfísù, ó yẹ òwú pupa náà wò, ó sì dá a padà sí i lórí. Ó rẹ́rìn-ín.

"Akọ̀wé," ó ní, "oúnjẹ wà?"

"Iṣu wà."

"Ẹ gbé korobá yẹn padà sínú lọ́rì." Bọ́má yí ẹ̀yìn. Ìdajì àwọn ọmọ rẹ̀ ti ń gun lọ́rì.

Ibi tí ọ̀rọ̀ dé nìyí nígbà tí Rhoda padà. Ó ti kó àwọn ọmọ dé ahéré, ṣùgbọ́n ọkàn rẹ̀ ò gbà á pé kí òun fi ìyá ọkọ òun sílẹ̀. Ó gba ẹ̀yìn ilé ìdáná wá láti pọ̀n ún sẹ́yìn bó bá gba bẹ́ẹ̀. Bó ṣe yọ sí igun ilé, ó rí jàǹdùkú kan tó ń yọ́ rìn lẹ́yìn Àfísù, àdá ń bẹ lókè. Ewúrẹ́ Yèyé tí wọ́n so mọ́ òpó ni ọkùnrin náà fẹ́ já okùn rẹ̀. Ẹran ló fẹ́ jí. Rhoda ò rí ewúrẹ́, àdá ló rí.

Ó figbe ta. "Alátùpà! Alátùpà mi o! Wọ́n wà lẹ́yìn rẹ!"

Àwọn tó ti gun lọ́rì bẹ́ sílẹ̀. Bọ́má yí padà. Ẹ̀rín ti kúrò lójú rẹ̀.

"Kí lo pè é?"

Àfísù dìde. "Orúkọ ilé ni, ẹ jọ̀ọ́, orúkọ tí ìyàwó…" Ẹnìkan fi ìdí àdá gbá a lẹ́nu, eyín rẹ̀ dà sílẹ̀.

Bọ́má di Rhoda ní irun mú, ó fà á wá sí iwájú ilé. "Obìnrin, kí ni ọkùnrin yìí jẹ́ sí ọ?"

Ìdáhùn kan ṣoṣo ló wà lẹ́nu obìnrin ilẹ̀ wa fún ìbéèrè yẹn. Bí o bá jí i lójú oorun, òun ni yóò sọ. "Ọkọ mi ni," Rhoda sọ. "Ẹ dákun, ẹ má pa á, ọkọ mi ni!"

"Alátùpà, ọkọ rẹ!" Bọ́má bú sẹ́rìn-ín tí kò ní ayọ̀ nínú. "Barnabas nìyí! Ó dé fìlà wa, ó ń fún wa níṣu jẹ!"

Bọ́má náà ní ìyàwó níbì kan tó ń pe àbúrò rẹ̀ ní ọkọ. Ṣùgbọ́n ẹni tó gbé àdá dání kì í rántí ilé. Ó ṣá Àfísù láti èjìká wá sí àyà. Àfísù gbé ọwọ́ sókè, wọ́n ṣá ọwọ́ náà, ó fi awọ rọ̀. Ìgbà náà ni Rhoda rí ohun tí ẹnu rẹ̀ ṣe. Ó ṣí ẹnu, ó pe orúkọ tí kò pè rí láti ọjọ́ tó ti wọ ilé náà. "Àfísù! Àfísù ni! Àfísù!" Ó ń pè é, wọ́n ń ṣá a. Nígbà tí wọ́n fi dúró, kò lè dá a lóhùn mọ́.

Wọ́n da pẹtiróòlù sí ilẹ̀kùn, wọ́n ṣáná sí i. Páànù bẹ̀rẹ̀ sí í ta. Rhoda wọ inú èéfín lọ, ó fi ọwọ́ méjèèjì wọ́ Yèyé jáde gba ẹ̀yìnkùlé. Ìró Rhoda ti gbiná, ó bọ́ ọ dànù.

Barnabas rí èéfín. Ìjà náà ò pẹ́ rárá. Àwọn ọ̀dọ́ sọ̀ kalẹ̀ láti orí àpáta pẹ̀lú igbe, ìbọn dún, èyí tó so ewúrẹ́ mọ́ ọwọ́ ṣubú lé ewúrẹ́ náà lórí, kò dìde. Ẹ̀rù ba awakọ̀, ó fi ẹ̀yìn rìn, ó tẹ ọ̀kan nínú àwọn tirẹ̀ mọ́ ògiri, egungun rẹ̀ dún. Bọ́má rọ̀ mọ́ ẹ̀yìn lọ́rì pẹ̀lú ọta nínú itan, lọ́rì sì gbé e lọ. Eruku ló kù.

Yèyé ti yí wá síwájú ilé; Barnabas bá a níbi tó jókòó sórí ilẹ̀, ó gbé orí Àfísù lé ẹsẹ̀. Àfísù ṣì ń mí. Ó wo ẹ̀gbọ́n rẹ̀, ó fẹ́ sọ̀rọ̀, ẹ̀jẹ̀ ló jáde. Kò tún wo ibòmíràn mọ́ lẹ́yìn ìyẹn.

Ambrose sáré dé, ó ń mí hẹlẹhẹlẹ, ó rí òkú náà, ó rí fìlà tó já bọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Mi ò mọ ohun tó ń ṣe ọmọ ènìyàn nígbà mìíràn. Ẹ̀rín ni ọkùnrin náà rín.

"Alága, Ọlọ́run jà fún wa! Akọ̀wé wọn ni wọ́n fọwọ́ ara wọn pa! Ìbò ti di tiwa!"

Barnabas fi ìdí ìbọn gbá a ní ojú. Ambrose ṣubú, Barnabas tún gbá a nígbà tó wà nílẹ̀, àwọn ọ̀dọ́ ló fà á kúrò.

"Sàlíhù ló pa á," Barnabas ní. "Ó gbọ́ pé Àfísù wá kìlọ̀ fún mi. Nítorí mi ló ṣe rán wọn sí i. Ẹni tó bá jẹ́ ọmọ bàbá mi ò gbọ́dọ̀ sùn lónìí. Ẹ gbé ìbọn. Ẹ gbé pẹtiróòlù tí wọ́n fi sílẹ̀. Mo fi Ọlọ́run tó dá mi búra, Sàlíhù ò ní rí òwúrọ̀, ìyàwó rẹ̀ ò ní rí i, àwọn ọmọ rẹ̀ ò ní rí i!"

Àwọn ọ̀dọ́ bú ramúramù. Wọ́n ti ń tò sójú ọ̀nà. Rhoda, tí kò wọ̀ ju tòbí lọ, tí irun rẹ̀ ti jó mọ́ ọn lórí, jáde láti ẹ̀yìn Yèyé, ó dúró síwájú ìbọn ọkọ rẹ̀. Ó lè dákẹ́. Kò sí ẹlòmíràn tó gbọ́ ohun tó sọ, àyàfi àwọn tó ti lọ, àti ìyá arúgbó kan tó wà nínú ilé nígbà náà.

"Sàlíhù kọ́," ó sọ. "Wọ́n ti ń lọ. Wọ́n ti dá pẹtiróòlù padà sínú lọ́rì. Èmi ni mo pè é ní Alátùpà. Wọ́n bi mí ohun tó jẹ́ sí mi, mo ní ọkọ mi ni. Wọ́n rò pé ìwọ ni. Ẹnu mi ló pa á, Bàbá Lucy. Ọmọ Sàlíhù ò mọ nǹkan kan."

Barnabas wò ó. Ìbọn náà tó dojú kọ ọ̀nà tẹ́lẹ̀, ó yí i padà díẹ̀díẹ̀ títí ẹnu rẹ̀ fi kan Rhoda ní ọmú. Rhoda ò sún. Omijé ń ṣàn lójú Barnabas, ìka rẹ̀ sì wà níbi tí ìka ń wà.

Lẹ́yìn wọn, iná mú àjà, ó wó lulẹ̀, ẹyin iná fò dé ibi tí òkú wà. Yèyé fi ọwọ́ òfìfo pa èyí tó bà sára ọmọ rẹ̀. Ó gbìyànjú láti wọ́ ọ kúrò níbẹ̀, agbára rẹ̀ ò gbé e.

"Rhoda," ó pè, bí ẹni pé kò sí ìbọn níbẹ̀. "Àlàó wúwo jù fún mi. Wá gbé ẹsẹ̀ rẹ̀."

Rhoda yí ẹ̀yìn sí ìbọn náà, ó lọ gbé ẹsẹ̀ rẹ̀.